Ẹ má ra fíìmù ìjà tí ẹ kò ní rí ẹsẹ̀ nínú rẹ̀

Nínú fíìmù ìjà aláwàdà, ara ni wọ́n fi ń pa wá lẹ́rìn-ín. Ẹnì kan ń sá fún igi, ó fi àga gbà á, apá ọ̀tá há sáàárín ẹsẹ̀ àga, ó bá jókòó lé e. Àfi kí a rí ọwọ́, ẹsẹ̀ àti àga lẹ́ẹ̀kan náà kí ẹ̀rín tó sọ. Ó ń bí mi nínú bí àwọn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ràn fíìmù wọ̀nyí ní Ògbómọ̀ṣọ́ ṣe ń náwó sórí ohun tí kò ní jẹ́ kí wọ́n rí i.

1. DVD tí wọ́n kó fíìmù ogún sí. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ yé rà á, ì báà jẹ́ ní Tákíè tàbí Under G. DVD lásán ń gba 4.7 GB. Ẹ pín in sọ́nà ogún, 235 MB ni ó kan fíìmù kan. Ẹ̀rọ tó ń fún fíìmù pọ̀ kì í tún ohun tí kò yí padà kọ: ògiri kò gba àyè, ẹsẹ̀ tó ń fò ló ń gba àyè. Bí àyè bá ti há, ẹsẹ̀ yẹn ni yóò kọ́kọ́ di àpótí-àpótí. Fíìmù tí wọ́n ti jókòó sí pálọ̀ tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ lè fara dà á. Ìjà kò lè fara dà á. Kí ẹ tó sanwó, ẹ ní kí wọ́n fi í sí ẹ̀rọ, ẹ sáré lọ síbi ìjà, ẹ dá a dúró nígbà tí ẹsẹ̀ wà lókè. Bó bá ṣe bàìbàì díẹ̀, kò burú. Bó bá di àpótí-àpótí, ẹ dá a padà. Bó bá jẹ́ fláàṣì lẹ fẹ́ kó o sí, ẹ wá èyí tó tó 1.5 GB. H.264 ni kí ẹ béèrè (ọ̀nà tí wọ́n fi ń fún fíìmù pọ̀ ni), nítorí tẹlifíṣọ̀n àtijọ́ kì í sábà mọ H.265 tó jẹ́ ọ̀nà tuntun: ohùn á jáde, àwòrán ò ní jáde. Fáìlì tó bá ju 4 GB lọ kò ní wọ fláàṣì tí wọ́n ṣètò (format) sí FAT32.

2. Títẹ Zoom nítorí dúdú tó wà lókè àti nísàlẹ̀. Púpọ̀ nínú fíìmù Hong Kong àtijọ́ fẹ̀ tó 2.35 sí 1, tẹlifíṣọ̀n yín sì jẹ́ 16:9. Bí ẹ bá fẹ̀ ẹ́ kí dúdú lè lọ, ẹ ti gé bí ìdá kan nínú mẹ́rin àwòrán náà dànù ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún àti òsì, ibẹ̀ gan-an ni ọ̀tá sì dúró sí. Ẹ fi í sí Original.

3. Ètò inú tẹlifíṣọ̀n tó ń mú kí ìrìn àwòrán máa yọ̀, TruMotion lára LG, Motionflow lára Sony: ẹ pa á. Àwòrán 24 ní ìṣẹ́jú àáyá kan ni fíìmù, ètò náà á máa fi àwòrán ayédèrú kún un, ìkúùkù á wá dà bíi pé kò ní agbára.

Bí ẹnu àti ohùn kò bá bára mu, ẹ má da DVD nù. Ní Hong Kong títí wọ àwọn ọdún 1980, wọn kì í sábà gba ohùn níbi tí wọ́n ti ń ya fíìmù. Ẹ̀yìn ni wọ́n ń fi í sí i. Ẹ yan Cantonese, èdè àwọn ará Hong Kong, pẹ̀lú àkọlé ìsàlẹ̀. Bó bá jẹ́ orí fláàṣì, kí orúkọ fáìlì .srt tí àkọlé náà wà nínú rẹ̀ bá ti fíìmù mu lẹ́tà sí lẹ́tà.

Ẹ ṣọ́ra fún èyí tí wọ́n gé. Rumble in the Bronx, fíìmù Jackie Chan, èyí tó jáde ní Amẹ́ríkà ní 1996, wọ́n yọ nǹkan kúrò, wọ́n sì pààrọ̀ orin rẹ̀. Ẹ fi iye ìṣẹ́jú rẹ̀ wé ti ojúlówó kí ẹ tó rà á.

Ẹ má sáré fo ibi ìdánilẹ́kọ̀ọ́. Ohun tí ọ̀gá fi ń fìyà jẹ ọmọ níbẹ̀ ni ọmọ yóò fi jà nígbẹ̀yìn.

Ní ti ohùn, ẹ dín báàsì, ìró tó ń dún kìjikìji, kù.

Ẹ má jẹ́ kí àwọn ọmọ gun fẹ́ǹsì lẹ́yìn tí wọ́n bá wò ó tán. Láti kékeré ni Jackie Chan, Sammo Hung àti Yuen Biao ti jọ ń kọ́ ìfarapitú ní ilé ẹ̀kọ́ eré Peking ní Hong Kong, síbẹ̀ wọ́n ṣì ń fara pa.

Ẹ má sì pa tẹlifíṣọ̀n nígbà tí orúkọ bá bẹ̀rẹ̀ sí í gòkè. Nínú púpọ̀ fíìmù Jackie Chan, ibẹ̀ ni wọ́n ń kó àwọn àṣìṣe àti ìṣubú tó ṣẹlẹ̀ nígbà iṣẹ́ sí. Ẹni tó bá pa á níbẹ̀ kò tíì wo fíìmù náà tán.