Bí Mo Ṣe Sọ The Creeping Terror ní Yorùbá fún Màmá Mi

Ẹnu àwọn òṣèré inú fíìmù The Creeping Terror ń lọ sókè sódò, ṣùgbọ́n agbára káká ni a fi ń gbọ́ ọ̀rọ̀ kan lẹ́nu wọn. Ọkùnrin kan tí a ò rí ni ó ń bá wọn ròyìn rẹ̀: ọ̀gá ológun ní kí wọ́n ṣe báyìí, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ní rárá, ọlọ́pàá gbà. Lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan a máa ń gbọ́ ohùn òṣèré fúnra rẹ̀, kì í sì í pẹ́ tí asọ̀tàn á fi tún gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Àwọn òyìnbó ti fi èyí ṣe yẹ̀yẹ́ títí. Ní tèmi, àyè ni mo rí níbẹ̀. Màmá mi ò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n sì fẹ́ràn fíìmù púpọ̀. Bí ẹnì kan bá ti ń sọ ìtàn lórí àwòrán tẹ́lẹ̀, kí ló tún kù ju pé kí n rẹ ohùn tirẹ̀ sílẹ̀, kí n sì jókòó sí ipò rẹ̀?

Ọdún 1964 ni wọ́n máa ń kọ sí i lára, ìpínlẹ̀ California ní Amẹ́ríkà ni wọ́n ti yà á, kò sì ní àwọ̀ kankan ju dúdú àti funfun lọ. Ìtàn rẹ̀ ò le. Ọkọ̀ kan sọ̀ kalẹ̀ láti ojú ọ̀run. Wọ́n kàn mú àwòrán rọ́kẹ́ẹ̀tì tó ń gbéra nílẹ̀, wọ́n dá a padà sẹ́yìn, ó di ọkọ̀ tó ń bọ̀. Abàmì ẹ̀dá méjì ló wà nínú rẹ̀. Ọ̀kan wà ní síso mọ́lẹ̀, èkejì rá jáde, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ àwọn ará àdúgbò níkọ̀ọ̀kan: ọmọge tó ń gbatẹ́gùn, ìyá ọlọ́mọ tó ń sá aṣọ, bàbá àgbà àti ọmọ ọmọ rẹ̀ tí wọ́n jọ jáde lọ. Martin, ọlọ́pàá tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbéyàwó, ni akọni ìtàn náà.

Ẹ má jẹ́ kí n tàn yín, kápẹ́ẹ̀tì ni abàmì ẹ̀dá yìí. Orí rẹ̀ nàró, ìrù rẹ̀ ń wọ́ nílẹ̀, àwọn èèyàn mélòó kan tẹ̀ ba sábẹ́ rẹ̀, wọ́n ń gbé e rìn. Ẹni tó bá tẹjú mọ́ ọn dáadáa á rí bàtà wọn. Kò lè sáré. Ìsàlẹ̀ níwájú ni ẹnu rẹ̀ wà, kò sì ní ohun tí yóò fi fa èèyàn wọlé, nítorí náà ẹni tí ó fẹ́ jẹ ni yóò fúnra rẹ̀ rá wọ ẹnu ọ̀hún, tí yóò máa ta ẹsẹ̀ títí gìgísẹ̀ bàtà yóò fi wọlé tán.

Bí mo ṣe ń múra sílẹ̀ ni mo ń ka ìtàn bí wọ́n ṣe ṣe fíìmù náà, ká sòótọ́, ìyẹn dùn ju fíìmù gan-an lọ. Ọkùnrin kan náà ni adarí, òun náà ni akọni: ó fi orúkọ A. J. Nelson darí, ó fi orúkọ Vic Savage ṣe Martin. Ẹnu rẹ̀ dùn. Inú ẹbí Stirling Silliphant ni ìtàn náà ti jáde, Silliphant sì jẹ́ òǹkọ̀wé tó lórúkọ ní Hollywood. Orúkọ yìí ni wọ́n ní Savage ń gbé kiri tó fi ń gba owó lọ́wọ́ àwọn èèyàn, ẹni tó bá sì mú owó wá á rí ipa kékeré kan kó. Ìyẹn ni pé lára àwọn tí kápẹ́ẹ̀tì yìí jẹ, àwọn kan wà tó sanwó kó tó jẹ wọ́n.

Etí adágún Tahoe ni èrò wọn pé wọn yóò ti yà á, ibi tó rẹwà tí àwọn olówó ti máa ń sinmi. Spahn Ranch lẹ́bàá Los Angeles ni wọ́n bá ara wọn, pẹ̀lú ọ̀gọ̀dọ̀ ẹlẹ́rẹ̀ kan. (Oko yìí kan náà ni Charles Manson, olórí ẹgbẹ́ apànìyàn kan ní Amẹ́ríkà, àti àwọn ọmọlẹ́yìn rẹ̀ wá fi ṣelé ní ìparí àwọn ọdún 1960, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ọjọ́ mìíràn nìyẹn.) Jon Lackey ló ṣe abàmì ẹ̀dá náà. Ìtàn tí wọ́n ń sọ ni pé nígbà tí owó rẹ̀ ò jáde, ó wá gbé ẹrù rẹ̀ lọ, àwọn tó kù sì sáré rán òmíràn pọ̀. Kí iṣẹ́ tó parí, Savage náà ti fẹsẹ̀ fẹ́ẹ. William Thourlby, tó ṣe onímọ̀ sáyẹ́ǹsì nínú fíìmù náà, tí àwọn ará Amẹ́ríkà tún mọ̀ nínú ìpolówó sìgá Marlboro, ti kó owó sí i. Òun ló ṣa èyí tó ṣẹ́ kù jọ kó má bàa ṣègbé.

Ní ti bí ohùn ṣe di àwátì, àwọn kan ní téèpù rẹ̀ já sínú omi, àwọn kan ní wọn ò tilẹ̀ gbà á sílẹ̀ dáadáa látilẹ̀. Èyí kejì ló wọ̀ mí létí. Ẹni tí kò san owó ẹni tó ṣe ẹranko, ṣé ti ẹni tó ń gba ohùn ni yóò san? Wọ́n bá pe Larry Burrell, akàròyìn orí rédíò, pé kó wá sọ ìtàn náà lórí àwòrán.

Iṣẹ́ tèmi wá bẹ̀rẹ̀. Mo gba fíìmù náà láti orí íntánẹ́ẹ̀tì, mo pa ohùn rẹ̀ pátápátá, mo wò ó tán bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ ṣe irú èyí, kó má fo ìgbésẹ̀ yìí, torí nígbà tí ohùn ò bá sí lẹ máa mọ ibi tí àwòrán ti ń dá sọ̀rọ̀. Ẹ wo ìyá ọlọ́mọ yẹn: ó fi tẹ̀mómítà wọn ara ọmọ rẹ̀, ó jáde lọ sá aṣọ, kápẹ́ẹ̀tì dé. Kí ni mo tún fẹ́ sọ síbẹ̀? Mo kọ «dákẹ́» sínú ìwé mi, mo sì fa ìlà sí i nídìí. Ọwọ́ òsì ojú ìwé ni mo kọ àkókò sí, ọwọ́ ọ̀tún ni mo kọ ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ sí, gbólóhùn kúkúrú kúkúrú, torí Burrell máa ń sọ̀rọ̀ ju bó ṣe yẹ lọ.

Irú ohùn tí mo máa lò ló gba ìrònú jù. Ní 1994, ètò tẹlifíṣọ̀n Mystery Science Theater 3000 gbé fíìmù yìí jáde, àwọn tó ń ṣe ètò náà sì ń fi í ṣẹ̀fẹ̀ bó ṣe ń lọ. Látìgbà náà, ọ̀pọ̀ èèyàn ò mọ bí wọ́n ṣe ń wò ó láìdá sí i. Mi ò fẹ́ bẹ́ẹ̀. Àwọn tó ṣe é ò ṣe é láti pani lẹ́rìn-ín, asọ̀tàn tó bá sì kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín ti ba gbogbo rẹ̀ jẹ́. Akàròyìn ni Burrell, mo bá mú ohùn ìròyìn orí rédíò ìgbà tí mo wà lọ́mọdé, èyí tó máa ń ka ọ̀rọ̀ ikú àti ọ̀rọ̀ iye owó ẹ̀wà bákan náà láìyí ojú padà. «Ní déédéé àkókò yìí, abàmì ẹ̀dá náà ń bá ìrìn rẹ̀ lọ.» Mo ka èyí fún àbúrò mi nínú yàrá, ó rẹ́rìn-ín títí tí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Mo mọ̀ pé ó ti bọ́ sí i.

Mo yá ẹ̀rọ tó ń gbé àwòrán sára ògiri lọ́wọ́ ọ̀rẹ́ mi kan, a ta aṣọ bẹ́ẹ̀dì funfun sí iwájú ilé, gúgúrú àti ẹ̀pà wà nílẹ̀. Màmá mú àga iwájú. Àwọn ayálégbé jáde, àwọn ọmọ wọn sì jókòó sórí ẹní.

Ọmọge àkọ́kọ́ ni Màmá ti bẹ̀rẹ̀. Ó dùbúlẹ̀, kápẹ́ẹ̀tì ń rá bọ̀ díẹ̀díẹ̀, ó ń wò ó, ó ń pariwo, kò dìde. «Ìwọ ọmọ yìí, ṣé o ò lẹ́sẹ̀ ni?» Wọ́n ti dìde lórí àga. Nígbà tó kan àwọn ológun, bàbá kan ládùúgbò wa tó ti ṣe sójà rí ló bínú jù: wọ́n wọ́ jọ sójú kan, wọ́n ń yìnbọn, wọn ò sún sẹ́yìn, kápẹ́ẹ̀tì ń bọ̀ wá bá wọn. «Ta ló kọ́ àwọn wọ̀nyí níṣẹ́?» Ẹnì kankan ò dá a lóhùn.

Ibì kan wà tí asọ̀tàn dá ìtàn dúró, tó ń ṣàlàyé bí ọ̀rọ̀ Martin àti ọ̀rẹ́ rẹ̀ Barney, tó ṣì jẹ́ àpọ́n, ṣe ń tutù látìgbà tí Martin ti gbéyàwó. Kò kan abàmì ẹ̀dá rárá. Ní ilé wa, ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti dùn jù. Àwọn ìyàwó ilé gba ọ̀rọ̀ náà, wọ́n ní Barney ló yẹ kó lọ wá ìyàwó tirẹ̀. Àwọn ọkọ fèsì. N kò ráyè ka ìdajì ohun tí mo kọ. Nígbà tí ilé ijó dé, mo gbé ohùn fíìmù náà sókè, mo gbé ẹnu kúrò, torí wọ́n jó jó jó kí kápẹ́ẹ̀tì tó wọlé, àwọn ọmọdé sì ti dìde bá wọn jó.

Lápá ìparí ni a ti gbọ́ pé ẹ̀rọ ìwádìí ni abàmì ẹ̀dá méjèèjì, pé wọ́n ń jẹ èèyàn kí wọ́n lè yẹ ara wa wò, kí wọ́n sì fi àbọ̀ ránṣẹ́ sílé. Màmá wò mí. «Nínú gbogbo èèyàn ayé, àwọn tí kò lè sáré yìí ni wọ́n rí mú?»

Lẹ́yìn náà mo sọ ìtàn Savage fún wọn. Wọ́n ní Lackey ló gbọ́n jù nínú gbogbo wọn.

Ẹni tó bá fẹ́ gbìyànjú rẹ̀, kó wá ẹ̀dà tó mọ́lẹ̀ dáadáa, torí ọ̀pọ̀ èyí tó wà níta ló ṣókùnkùn débi pé tí alẹ́ bá lẹ́ nínú fíìmù, a ò ní mọ kápẹ́ẹ̀tì yàtọ̀ sí igbó. Kó sì wá ẹnì kejì tí yóò máa rẹ ohùn sílẹ̀, tí yóò máa gbé e sókè. Ọwọ́ ẹnì kan ò lè ká ìwé, tọ́ọ̀ṣì, gbohùngbohùn àti láptọ́ọ̀pù.