Bí mo ṣe gbé fídíò ọdún egúngún láti inú téèpù àtijọ́ sínú fíìmù wa

Téèpù fídíò VHS E-180 (ti wákàtí 3) ni wọ́n gbé fún mi ní Ògbómọ̀ṣọ́, ọdún egúngún tí wọ́n yà ní 1994. Ìṣẹ́jú 2 péré la nílò nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n ọjọ́ 4 ni mo fi ṣe é.

N kò kọ́kọ́ tì í bọ ẹ̀rọ fídíò (VCR). Mo ṣí ìdérí iwájú rẹ̀, mo sì fi tọ́ọ̀ṣì wo etí téèpù. Bí ohun funfun bí ìyẹ̀fun bá wà níbẹ̀, ó ti bu nìyẹn. Yóò ba orí ẹ̀rọ (head, ibi tó ń ka téèpù) jẹ́, ẹ̀rọ á sì kó o ran téèpù mìíràn. Èyí mọ́. Mo ṣẹ́ ike kékeré tó wà lẹ́yìn rẹ̀ kí ẹnikẹ́ni má baà ṣèèṣì gba nǹkan mìíràn lé e lórí, mo wá sáré yí i dé òpin, mo tún yí i padà, torí pé téèpù tó ti jókòó pẹ́ kì í fà dọ́gba. Inverter ni mo fi ṣiṣẹ́. Bí iná bá lọ nígbà tí téèpù ṣì wé mọ́ orí ẹ̀rọ, ẹni tó bá fipá fà á yọ á ṣẹ́ ẹ ni.

Nínú wáyà tó jáde láti ẹ̀rọ náà, yẹ́lò ló ń gbé àwòrán, funfun àti pupa ń gbé ohùn. Lórí kọ̀ǹpútà, PAL, ìlànà tẹlifíṣàn tí wọ́n fi ya téèpù náà, ni mo yàn: 720x576, fírémù (àwòrán kọ̀ọ̀kan) 25 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Ẹni tó bá yan NTSC, ìlànà ti Amẹ́ríkà, àwòrán lè di dúdú àti funfun, tàbí kó máa yí gbirigbiri. DV, irú fáìlì tí kì í fún àwòrán pọ̀ jù, ni mo fi pa á mọ́, nǹkan bí 13 GB fún wákàtí kan. Ẹ má torí àyè sọ ọ́ di MP4 kékeré lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀.

Ibi tí iṣẹ́ ti le nìyí. Nígbà tí mo wo onílù dùndún, kọ̀ǹgọ́ rẹ̀ ti kan awọ kí ohùn tó dé. Fírémù ń já sílẹ̀ nìyẹn, torí pé àmì tó ń jáde láti inú ẹ̀rọ tó ti gbó kì í dúró sójú kan. Mo mú un gba inú ẹ̀rọ DVD recorder kan kọjá kó tó dé kọ̀ǹpútà, gbogbo rẹ̀ sì bára mu. Kọ̀ǹgọ́ yìí ló dára jù láti fi dán an wò. Ẹnu ẹni tó ń sọ̀rọ̀ kò hàn tó bẹ́ẹ̀ lórí VHS.

Nígbà tí egúngún ń jó, etí ẹ̀kú rẹ̀ dà bí eyín òòyà, torí pé ìdajì ìlà fírémù kọ̀ọ̀kan ló kọ́kọ́ ń jáde kí ìdajì yòókù tó tẹ̀ lé e. Yadif, irinṣẹ́ orí kọ̀ǹpútà fún irú èyí, ló tún un ṣe, ṣùgbọ́n bí ẹ bá ṣi ìdajì tó ṣáájú yàn, ijó náà á máa gbọ̀n síwá sẹ́yìn. Mo gé ìlà bí 10 tó ń jó wàláwàlá nísàlẹ̀. N kò fẹ̀ àwòrán kún ojú tẹlifíṣàn: 1440x1080 ló yẹ kó wà nínú 1920x1080, kí dúdú wà lọ́tùn-ún lósì. Ẹni tó bá fẹ̀ ẹ́, egúngún gíga á di kúkúrú tó sanra.

Ó ku ìyọ̀ǹda. Pé téèpù wà lọ́wọ́ ẹnìkan kò sọ pé òun ló ni ẹ̀tọ́ sí i, nítorí náà a wá ẹni tó ṣètò yíyà rẹ̀, ó sì buwọ́ lùwé. Àwo orin kan ń dún láti inú lasifíkà níbì kan. Ìyọ̀ǹda tirẹ̀ tún yàtọ̀, ti ẹni tó kọ orin àti ti ẹni tó gbé àwo jáde. Mo pa ohùn ibẹ̀ rẹ́, mo sì fi ìlù láti apá mìíràn nínú téèpù kan náà bò ó.