Ibà Màlúù: Tẹmọ́mítà Ló Yẹ Kó Ṣáájú Abẹ́rẹ́

Bí màlúù bá ti kẹ̀yìn sí koríko, tí irun ara rẹ̀ dìde, tí etí rẹ̀ rọ̀, ọ̀pọ̀ ẹlẹ́ran ní Ìjẹ̀bú àti Rẹ́mọ á kàn fa oògùn apakòkòrò oxytetracycline sínú sírínjì, wọ́n á gún un. Nígbà míì, ó máa ń bọ́ sí i. Bí kò bá bọ́ sí i, ẹran á ti jìyà fún ọjọ́ mélòó kan kí wọ́n tó mọ̀ pé àrùn tó ń ṣe é kò gbọ́ ti oògùn yẹn rárá. Oríṣiríṣi àrùn ló ń gbé ibà wọ màlúù lára, oògùn wọn kò sì pa pọ̀.

Wíwọn ìgbóná ara

Ẹ so ẹran mọ́lẹ̀ níbi tí òjìji wà, kí ẹnì kan di orí rẹ̀ mú. Bó bá jẹ́ tẹmọ́mítà onígíláàsì, ẹ gbọ̀n ọ́n títí yóò fi wálẹ̀ sí abẹ́ 36. Ẹ so okùn tín-ín-rín mọ́ ìdí rẹ̀, kí ẹ ta ìkángun okùn náà mọ́ irun ìrù, kó má baà já bọ́ tàbí kó wọlé lọ. Ẹ fi faselíìnì pa á lórí. Ẹ dúró sí ẹ̀gbẹ́ itan, kì í ṣe ẹ̀yìn gan-an, nítorí ìtàpá. Ẹ tì í wọ ihò ìdí, kí ẹ dà á sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kó lè kan ara. Bó bá jẹ́ inú ìgbẹ́ ló gún sí, iye tó máa kà á dín. Ìṣẹ́jú méjì tó fún onígíláàsì, oníbátìrì á dún fúnra rẹ̀.

Màlúù tí ara rẹ̀ dá máa ń wà láàrin 38 sí 39.3°C, ti ọmọ màlúù lè lé díẹ̀. Bó bá kọjá 39.5 láàárọ̀ kùtù, ibà ni. Kùtù la wí o, torí ẹran tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rin oòrùn ọ̀sán dé lè ka 40 láìṣe pé ó ń ṣàìsàn. Ẹ wọ̀n ọ́n láàárọ̀ àti nírọ̀lẹ́ fún ọjọ́ mẹ́ta, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Ìyẹn kò ní kẹ́ ẹ fọwọ́ lẹ́rán tí àìsàn ẹran bá ti le gan-an.

Ẹ̀yin tí ẹ ń kó èèpo ẹ̀gẹ́ nílé gààrí fún ẹran, ẹ fetí sí èyí: màlúù tó jẹ èèpo tútù, tí ikùn òsì rẹ̀ wú, tó ń mí gúlegúle, àmọ́ tí tẹmọ́mítà ka 38.5, ibà kọ́ ló ń ṣe é. Afẹ́fẹ́ inú tàbí májèlé inú ẹ̀gẹ́ ni. Dókítà ẹran ni kẹ́ ẹ sáré pè.

Àmì tó ń bá ibà rìn

Ẹ ṣí ìpéǹpéjú ìsàlẹ̀ wò. Ó yẹ kó pupa fẹ́ẹ́rẹ́. Bó bá funfun, ẹ̀jẹ̀ ti lọ lára rẹ̀. Bó bá pọ́n bí pupa inú ẹyin, apọ́njú ni. Ẹ fọwọ́ wá kókó iwájú èjìká, bóyá ó wú. Ẹ dúró dè é kó tọ̀, kí ẹ wo àwọ̀ ìtọ̀ náà.

Èyí tó yẹ kó kọ́kọ́ wá sọ́kàn wa níbí, nínú igbó àti etí odò, ni àrùn eṣinṣin tsetse, tí àwọn oníṣòwò ẹran tó ń sọ Hausa ń pè ní sammore. Ibà rẹ̀ máa ń lọ, á tún padà: lónìí 40.5, lọ́túnla 38.8. Ìdí ọjọ́ mẹ́ta tẹ́ ẹ fi ń wọ̀n ọ́n nìyẹn. Kókó á wú, ojú á máa ṣomi, ìpéǹpéjú á funfun. Ẹran á máa jẹun, síbẹ̀ á máa rù, aboyún á sì máa ṣẹ́yún. Màlúù funfun tó ti Òkè Ọya wá kò ní agbára tó máa fi bá àrùn yìí jà. Àwọn irú màlúù bíi Muturu, N'Dama àti kẹ́tẹ́kú máa ń fara dà á, ṣùgbọ́n wọ́n lè gbé e kiri.

Eégbọn ló ń fa ẹgbẹ́ kejì. Bí ìgbóná bá ga sókè lójijì, tó ń lọ sí 41, tí ìtọ̀ sì pupa tàbí dúdú, àrùn ìtọ̀ pupa ni. Bó bá jẹ́ apọ́njú pẹ̀lú ìgbẹ́ gbígbẹ, tí ìtọ̀ kò sì pupa, ẹ fura sí anaplasma, tó máa ń le fún àgbà ẹran ju ọmọ lọ. Ẹran tó ń gbẹ́sẹ̀ ga ju bó ṣe yẹ, tó ń yí po lójú kan, tó ń jẹnu lásán, heartwater ni. Eégbọn ńlá aláràbarà ló ń gbé e, oògùn rẹ̀ kì í sì í fi bẹ́ẹ̀ ṣiṣẹ́ mọ́ tó bá ti dé orí yíyí po.

Itọ́ tó ń ṣàn pẹ̀lú egbò lẹ́nu àti láàrin pátákò, tàbí ikọ́ pẹ̀lú ìmí tó ń dunni, ẹ ya ẹran náà sọ́tọ̀, kí ẹ pe ìjọba tàbí dókítà. Bí ẹran bá kú lójijì, tí ẹ̀jẹ̀ tí kò dì ń jáde ní imú tàbí ìdí, ẹ má là á, ẹ má bó o, ẹ má tà á. Anthrax lè pa ènìyàn; ó yọjú ní ìpínlẹ̀ Niger ní 2023.

Ìwọ̀n oògùn

Ẹ má fojú díwọ̀n ẹran. Ẹ fi okùn télọ̀ wọn àyà yípo lẹ́yìn ẹsẹ̀ iwájú, kí ẹ wọn gígùn láti orí èjìká dé egungun ìdí, ní sẹ̀ǹtímítà. Ẹ fi iye àyà ṣe ìlọ́po ara rẹ̀, ẹ fi gígùn sọ ọ́ di púpọ̀, kí ẹ wá fi 10,840 pín in. Àyà 150, gígùn 120: ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 250 kg.

Fún sammore àti ìtọ̀ pupa, diminazene ni. Ẹ da ìyẹ̀fun inú paali 2.36 g sínú omi abẹ́rẹ́ 12.5 ml, kì í ṣe omi inú ọ̀rá. Á di bíi 15 ml. Ìwọ̀n rẹ̀ ni 5 ml fún 100 kg, ìyẹn 12.5 ml fún ẹran tiwa yìí. Fún anaplasma àti heartwater, oxytetracycline 20% oníwákàtí gígùn (long-acting) ni, 1 ml fún 10 kg: 25 ml, tí ẹ ó pín sí ojú mẹ́ta lọ́rùn, kí ojú kan má ju 10 ml lọ. Ẹni tó ń dín ìwọ̀n kù kó lè tó ẹran méjì ń kọ́ kòkòrò àrùn bí yóò ṣe fara da oògùn ni.

Ẹran kan, abẹ́rẹ́ kan. Abẹ́rẹ́ tí ẹ fi gún aláìsàn tẹ́ ẹ tún fi gún èyí tí ara rẹ̀ le lè gbé anaplasma wọ̀ ọ́ lára.

Bí ìgbóná kò bá wálẹ̀ láàrin wákàtí 48, ẹ má tún un gún. Kí dókítà gba ẹ̀jẹ̀ etí sórí gíláàsì, kí wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò. Ilé ìwòsàn ẹran FUNAAB, yunifásítì iṣẹ́ àgbẹ̀ tó wà ní Abẹ́òkúta, kò jìnnà sí wa. Láàrin àsìkò yìí, òjìji, omi tútù àti koríko tútù lẹ́nu. Ẹran tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ti lọ, ẹ má sáré tẹ̀lé e. Sísáré nìkan lè pa á.

Kí ó má baà tún wáyé

Lásìkò òjò, ẹ fi amitraz 12.5%, oògùn tó ń pa eégbọn, wẹ ẹran lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, 20 ml sínú omi 10 lítà, kó dé abẹ́ ìrù, itan, ọmú àti inú etí. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń sin ẹṣin Ojúde Ọba, ẹ má fi kan ẹṣin o, ó ń dí wọn nínú. Ẹ gé igbó etí ibi tí ẹran ti ń mumi, tàbí kẹ́ ẹ gbé omi lọ bá wọn. Ẹ gba abẹ́rẹ́ àjẹsára anthrax àti ti ẹ̀dọ̀fóró lọ́dọọdún.

Ẹran tuntun láti kárà, ìyẹn ọjà màlúù, ẹ ya á sọ́tọ̀ fún ọjọ́ 14, kí ẹ máa wọn ara rẹ̀. Bó bá jẹ́ ti Iléyá ni, ẹ ka paali oògùn dáadáa kẹ́ ẹ tó gún un: oxytetracycline oníwákàtí gígùn sábà máa ń gba ọjọ́ 28 kí ẹran tó ṣeé pa jẹ. Tí Iléyá bá ti sún mọ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ, ẹ wá ẹran mìíràn pa, kẹ́ ẹ fi èyí sílẹ̀ kó gbádùn.