Bó o ṣe lè mọ agboolé yín n'Íbàdàn, kó má jẹ́ òkú nìkan láá máa gbé ẹ débẹ̀

Ọ̀pọ̀ nínú wa, inú fọ́ọ̀mù nìkan la ti jẹ́ ọmọ Ìbàdàn. Bódìjà la dàgbà sí, àbí Akọ̀bọ̀, àbí Èkó pátápátá, wọ́n á bi wá pé ọmọ ilé ibo ni wá, a ó ní "Ọjà'ba ni bàbá mi ti wá", ó tán. Ọjà'ba kì í ṣe ilé o, àdúgbò ni. Àgbàlagbà tó bi ẹ́ ní ìbéèrè yẹn, orúkọ agboolé ló fẹ́ gbọ́, torí ó fẹ́ mọ àwọn tó máa dìde fún ẹ lọ́jọ́ ìyàwó, lọ́jọ́ òkú, lọ́jọ́ tí ọ̀rọ̀ bá dé ilé ẹjọ́. Ilé tó o kọ́ sí Akọ̀bọ̀ dáa gan-an, Ọlọ́run á jẹ́ kó o pẹ́ níbẹ̀, àmọ́ kò lè bá ẹ ṣe ìyẹn.

Má tíì gbọ̀nà agboolé. Jókòó ti bàbá ẹ kọ́kọ́, tí wọn ò bá sí mọ́, wá àbúrò wọn obìnrin lọ, àwọn yẹn kì í gbàgbé nǹkan. Béèrè orúkọ agboolé, béèrè bàbá tó tẹ̀ ẹ́ dó, béèrè ìyá tó bí bàbá bàbá ẹ, kó o wá béèrè abúlé yín, torí ará Ìbàdàn tó jẹ́ onílé láti ilẹ̀ wá sábà máa ń ní oko lẹ́yìn ìlú, ibẹ̀ sì ni wàhálà ilẹ̀ pọ̀ sí jù lónìí. Kọ gbogbo ẹ̀ sílẹ̀. Má fojú kékeré wo orúkọ ìyá yẹn, màá padà sí i.

Ohun kan wà tó yẹ kó o mọ̀ kó o má bàa ṣìsọ. Ibùdó ogun ni Ìbàdàn tá à ń wò yìí, ní nǹkan bíi 1829 làwọn jagunjagun láti Ọ̀yọ́, Ifẹ̀, Ìjẹ̀bú àti Ẹ̀gbá dó síbẹ̀, olórí ogun kọ̀ọ̀kan gba ilẹ̀ ó kọ́lé, ìyàwó ẹ̀, ọmọ ẹ̀, ọmọ ogun ẹ̀, ẹrú, àlejò tó wá sá di í, gbogbo wọn jọ wọnú agbo kan náà, ọmọ wọn bí ọmọ, wọ́n di ẹbí. Ìdí nìyẹn tó o fi lè rí ọmọ Olófà, ọmọ Ìkòyí àti ọmọ Òpómúléró nínú agboolé kan ṣoṣo, tí oríkì orílẹ̀ tìẹ ò sì ní bá ti bàbá tó ni ilé mu rárá. Kò burú. Ṣùgbọ́n má bèèrè ní gbangba láéláé pé ta ni ẹrú, ta ni ọmọ bíbí inú. Ọ̀rọ̀ yẹn ti tú ilé ká rí. Tó bá pọn dandan kó o mọ̀, àgbà kan máa pè ẹ́ sí kọ̀rọ̀ fúnra ẹ̀.

Ọjọ́ tó o máa lọ, má mú ọjọ́ ináwó, kò sẹ́ni tó máa ráyè tìẹ. Ọ̀sán Sunday dáa, Iléyá àti Kérésì náà dáa. Mú ẹnì kan tí wọ́n mọ̀ nínú ilé dání. Google map lè gbé ẹ dé Mápó, kò lè gbé ẹ dé ẹnu ọ̀nà, páàkì mọ́tò ẹ sójú títì kó o fẹsẹ̀ rìn wọlé, kó o sì máa kí gbogbo ẹni tó o bá bá níta, "ẹ kú ilé o". Ra búrẹ́dì àti mínírà, mú owó díẹ̀ sápò, kì í ṣe owó ṣekárími.

Mọ́gàjí lo máa kọ́kọ́ kí, olórí agboolé nìyẹn (kò sẹ́ni tó lè dé orí ìtẹ́ Olúbàdàn láì kọ́kọ́ jẹ Mọ́gàjí ilé ẹ̀, nítorí náà má fi wọ́n ṣeré). Wọ́n lè má gbénú ilé, Mọ́gàjí tó ń gbé ìta pọ̀ dáadáa, nígbà náà kí àgbà tó o bá nílé, kó o bèèrè ìgbà tó o lè rí wọn. Dọ̀bálẹ̀, tàbí kó o kúnlẹ̀, kó kanlẹ̀. Àwọn ìyá tí wọ́n fẹ́ wọlé máa pè ẹ́ ní "ọkọ mi", kódà tó o bá jẹ́ ọmọbìnrin ọmọ ogún ọdún, má rẹ́rìn-ín sí i, ipò ẹ nínú ilé ni wọ́n ń fún ẹ. Kó o tó jókòó sórí pèpéle èyíkéyìí nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ tàbí níwájú ilé, béèrè, torí sàárè bàbá ńlá ẹ lè ni.

Àwọn ìyàwó ilé àtàwọn ọmọbìnrin ilé tó ti dàgbà ni kó o lọ bá fún oríkì, kì í ṣe àwọn ọkùnrin. Àwọn ló ń fi í kí ọkọ, tí wọ́n fi ń rẹ ọmọ lẹ́kún, ó wà lẹ́nu wọn. Sọ pé "ẹ jọ̀ọ́ mà, mo fẹ́ gbà á sí fóònù káwọn ọmọ mi lè gbọ́", tí wọ́n bá ti bẹ̀rẹ̀ má já lu ọ̀rọ̀ wọn, má bèèrè ìtumọ̀ láàárín, jẹ́ kó tán. Fún wọn lówó. Ìyá méjì lè kì í lọ́nà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, gba méjèèjì.

Tí wọ́n bá fi yàrá bàbá ẹ hàn ẹ́, tó o sì bá ọmọ àbúrò bàbá ẹ níbẹ̀, fi í sílẹ̀ síbẹ̀. Béèrè ọjọ́ míìtìn, san owó ẹ, tí páànù bá ń jò dá owó bí wọ́n ṣe ń dá a. Àwa ọmọ tá a dé láti ìta tá a lówó díẹ̀ lọ́wọ́, ohun tó máa ń yá wa lára ni ká wó ògiri amọ̀ yẹn ká fi búlọ́ọ̀kù kọ́ ọ. Dúró ná. Jẹ́ kí ẹbí fẹnu kò, kí wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé, kí wọ́n fọwọ́ sí i, torí ilé tó o bá kọ́ sórí ilẹ̀ ẹbí láìsí àdéhùn, ìjà lo kọ́ fáwọn ọmọ ẹ.

Má bá ẹnikẹ́ni fọwọ́ sí ìwé títà ní kọ̀rọ̀. Ẹ rí i bí wọ́n ṣe ń kọ "ilé yìí kì í ṣe títà" sára ògiri káàkiri ìgboro, ó nídìí. Lábẹ́ òfin, tí ọmọ ẹbí tí kì í ṣe olórí ẹbí bá dá ohun ìní ẹbí tà, asán ni títà yẹn, tí olórí ẹbí náà bá tà á láìjẹ́ kí àwọn àgbà ẹbí mọ̀, kóòtù lè fagi lé e. Tó bá wá di pípín, ibí ni orúkọ ìyá tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan ti wúlò: ìdí-igi ni wọ́n sábà máa fi ń pín in, ìyàwó kọ̀ọ̀kan tó bímọ ni wọ́n ń kà, kì í ṣe orí ọmọ, Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù, tó jẹ́ kóòtù tó ga jù fún wa nígbà yẹn, sì ti fọwọ́ sí i pé àṣà wa nìyẹn láti 1962, nínú ẹjọ́ Dawodu àti Danmole. Orí-ò-jorí náà wà, ìyẹn ni kí wọ́n pín in dọ́gba fún ọmọ kọ̀ọ̀kan, níbi tí ìjà bá ti fẹ́ wọ̀ ọ́, olórí ẹbí lè ní kí wọ́n lo ìyẹn.

Tó bá jẹ́ pé ilé ti wó, tí wọ́n ti kọ́ ṣọ́ọ̀bù sójú ẹ̀, má rò pé ó ti parí. Ẹbí ṣì ń pàdé níbì kan, ẹni tó ń tajà níwájú ibẹ̀ sábà máa ń mọ̀ ọ́n. Béèrè lọ́wọ́ ẹ̀, kó o lọ bá wọn níbẹ̀, kó o fún akọ̀wé ẹbí ní nọ́ńbà ẹ àti orúkọ gbogbo ọmọ ẹ, kó o dúró tì wọ́n títí wọ́n á fi kọ ọ́ sínú ìwé.