Yíya Fíìmù Níbi Ọ̀sìn Àrọ̀: Ìbéèrè àti Ìdáhùn

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́. Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fi ya fíìmù dọkumẹ́ńtárì ní abúlé ọ̀sìn ẹja Eriwe, lẹ́bàá Ìjẹ̀bú-Òde. Ojú omi ń kọ mọ̀nà nínú gbogbo ohun tí mo yà, ẹja kan ò hàn. Ṣé kámẹ́rà mi ni?

Ìdáhùn: Kì í ṣe kámẹ́rà. Oòrùn ló ń tàn padà láti ojú omi. Ẹ fi fílítà polarizing, ìyẹn gíláàsì tó ń dín dídán ojú omi kù, sójú lẹ́ńsì, kí ẹ máa yí i díẹ̀díẹ̀ títí dídán náà yóò fi rọlẹ̀. Ẹ má nàró sórí kòtò kí ẹ máa wolẹ̀ ṣánṣán; ẹ̀gbẹ́ ni kí ẹ ti wò ó. Ṣùgbọ́n omi àrọ̀ kì í mọ́ gaara, kò sì sí fílítà tó lè sẹ́ ẹrẹ̀. Ẹja ni kí ẹ dúró dè. Àrọ̀ ní ẹ̀yà kan nínú orí tó fi ń mí atẹ́gùn òkè, nítorí náà ó máa ń yọjú wá gbà á, kíá ló sì ń padà. Lásìkò oúnjẹ, wọn á rọ́ wá sókè, omi á máa hó bí ìkòkò lórí iná. Ẹ ti tan kámẹ́rà kí olùsìn tó ju ẹ̀kúnwọ́ àkọ́kọ́, ìgbà yẹn ni ebi ń pa wọ́n jù. Ẹ má ní kó tún ju òmíràn nítorí àwòrán o: oúnjẹ tí ẹja kò bá jẹ á rà sínú omi, á sì ba omi jẹ́ fún un.

Ìbéèrè: Ariwo ẹ̀rọ tó ń fẹ́ atẹ́gùn sómi bo ohùn ẹni tí mò ń fọ̀rọ̀ wá lẹ́nu wò, níbi tí wọ́n ti ń tọ́ ọmọ ẹja wẹ́wẹ́. Ṣé mo lè ní kí wọ́n pa á fún ìṣẹ́jú díẹ̀?

Ìdáhùn: Rárá o, ẹ jọ̀ọ́. Ọmọ àrọ̀ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde nínú ẹyin kò tíì lè mí atẹ́gùn òkè bíi ti àgbà. Inú omi nìkan ló ti ń rí i. Owó ọlọ́wọ́ ni. Ẹ mú ẹni náà lọ sẹ́yìn ògiri, ẹ so máíkì kékeré mọ́ àyà rẹ̀, kí ẹ sì gba ariwo ẹ̀rọ náà sílẹ̀ lọ́tọ̀ fún ìṣẹ́jú kan. Ẹ ó nílò rẹ̀ nígbà tí ẹ bá ń to fíìmù pọ̀.

Ìbéèrè: Ìlà dúdú ń kọjá lójú àwòrán lábẹ́ gílóòbù ibẹ̀ ńkọ́?

Ìdáhùn: Iná gílóòbù ló ń ṣẹ́jú, bí ojú ò tilẹ̀ rí i: iná Nàìjíríà, 50 Hz ni, ìyẹn ìyípo àádọ́ta ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Ẹ fi shutter, ìyẹn ìwọ̀n àkókò tí kámẹ́rà fi ń gba ìmọ́lẹ̀ wọlé, sí 1/50 tàbí 1/100 ìṣẹ́jú-àáyá, kó lè bá a mu. Bó bá jẹ́ jẹnẹrétọ̀, ẹ máa sún shutter náà díẹ̀díẹ̀ títí ìlà náà yóò fi lọ, torí iná jẹnẹrétọ̀ kì í dúró lójú kan.

Ìbéèrè: Ọ̀gá tó ni ẹja náà kò jẹ́ kí n ya ẹja tó kú.

Ìdáhùn: Ó nídìí. Bí oníbàárà bá rí i, wọ́n lè fi já owó ẹja rẹ̀ wálẹ̀, bẹ́ẹ̀ oúnjẹ ẹja nìkan ti ń gba èyí tó pọ̀ jù nínú ohun tó ń ná. Èmi ò ní fipá mú un. Ẹ lọ lọ́jọ́ tí wọ́n bá ń ṣa ẹja, tí wọ́n ń ya ńlá kúrò lára kékeré kí ńlá má baà gbé kékeré mì. Ẹ gbé kámẹ́rà sílẹ̀ ná, ẹ bá wọn gbé abọ́. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ bi í pé: “Ọmọ ẹja mélòó lẹ kó sí kòtò yìí, mélòó lẹ kà lónìí?” Ẹ ó rí iye tó kú nínú ìdáhùn yẹn, láìya òkú ẹja kankan.