Bí Wọ́n Ṣe Ń Mọ Ìkòkò Catawba

Etí odò Catawba, nítòsí Rock Hill ní South Carolina ní Amẹ́ríkà, ni àwọn ará Catawba, ọ̀kan lára àwọn ẹ̀yà onílẹ̀ Amẹ́ríkà, ti ń wa amọ̀. Oríṣi méjì ni wọ́n ń pò pọ̀: èyí tó kúnná tó ń fà, àti èyí tó ní iyanrìn. Bí ti àkọ́kọ́ bá dá wà, yóò sán bó ṣe ń gbẹ. Bí iyanrìn bá pọ̀ jù, kò ní dì mọ́ra.

Rẹ amọ̀ sínú omi, sẹ́ ẹ kí gbòǹgbò àti òkúta kúrò, jẹ́ kí omi rẹ̀ fà, kí o wá pò ó dáadáa títí atẹ́gùn inú rẹ̀ yóò fi tán. Wọn kì í lo ẹ̀rọ tó ń yí. Tẹ́ ìdí pẹrẹsẹ, yí amọ̀ gbọọrọ gbọọrọ, tò wọ́n léra yípo, kí o sì fi ìka pa ojú ìsopọ̀ rẹ́ nínú àti lóde.

Nígbà tó bá gan díẹ̀, fi ìkarahun ìṣáwùrú ha á kó fẹ́lẹ́. Lẹ́yìn náà, fi òkúta odò tó jọ̀lọ̀ dán an. Iṣẹ́ yìí ló le jù, nítorí wọn kì í kùn ún rárá. Òkúta nìkan ló ń mú un dán. Àwọn òkúta ọ̀hún ṣeyebíye, ìyá ló ń fi wọ́n sílẹ̀ fún ọmọ.

Kí o tó sun ún, rí i pé ó gbẹ dénú, kí o sì kọ́kọ́ yá a níná díẹ̀díẹ̀. Omi tó bá ṣẹ́kù yóò di ooru, yóò sì fọ́ ọ. Iná igi ní gbangba ni wọ́n fi ń sun ún. Ibi tí èéfín bá bà yóò dúdú, ibòmíràn á pọ́n.