Kí ẹ tó pa ẹ̀rọ, ẹ pa géèmù dé ná: ìrírí mi

Fún ọdún púpọ̀, ohun tí mo mọ̀ sí pípa géèmù dé kò ju pé kí n tẹ bọ́tìnì àárín páàdì tí mo fi ń ta géèmù, kí ojúde ẹ̀rọ géèmù mi yọ, ìyẹn ibi tí àwòrán gbogbo géèmù tò sí, kí n sì na ọwọ́ sí ojú iná tó wà lára ògiri. Bí géèmù bá ti kúrò lójú mi, mo gbà pé ó ti lọ nìyẹn. Kò lọ síbì kankan. Ó tó wákàtí 40 eré tó ṣòfò lọ́wọ́ mi kí n tó mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Lálẹ́ ọjọ́ náà, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ kọjá ibì kan tó ti há mi mọ́ fún ọjọ́ mẹ́ta gbáko. Oorun ti ń kùn mí, inú mi sì dùn. Ní igun òkè lápá ọ̀tún tẹlifíṣọ̀n, àmì róbótó kékeré kan ń yí, ó ń yí. Mo rí i. Ojoojúmọ́ ni mo máa ń rí i, mi ò sì kà á kún. Mo tẹ bọ́tìnì àárín, mo dìde, mo pa iná lára ògiri, mo lọ sùn.

Nígbà tí mo tan ẹ̀rọ lọ́jọ́ kejì, ohun tó kọ́kọ́ sọ ni pé wọn ò pa òun bó ṣe yẹ, pé òun ń yẹ ibi ìpamọ́ òun wò. Ìlà kan bẹ̀rẹ̀ sí í gùn díẹ̀díẹ̀ lójú tẹlifíṣọ̀n. Mo jókòó síwájú rẹ̀ tèmi ti páàdì lọ́wọ́. Ó parí, mo ṣí géèmù, ó ní fáìlì tí mo fi pamọ́ ti bàjẹ́, kò ṣeé kà. Mo jáde, mo tún un ṣí. Ọ̀rọ̀ kan náà ló sọ. Àbúrò mi tó dúró lẹ́yìn mi ní, "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ kó sinmi díẹ̀ kẹ́ ẹ tó tún un gbìyànjú." A jẹ́ kó sinmi. Ìsinmi ò yí nǹkan kan padà. Ibi tí mo ti rìn dé láti oṣù tó kọjá ti di òfo, àfi kí n bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀.

Ó dùn mí gan-an. Ọjọ́ yẹn ni mo jókòó ti ọ̀rọ̀ náà, mo fẹ́ mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú ẹ̀rọ gan-an nígbà tí a bá ní a ti pa géèmù dé.

Ohun tó là mí lójú ni pé ibi méjì ni ẹ̀rọ ń kó nǹkan sí. Ọ̀kan dà bí orí tábìlì, èkejì dà bí inú àpótí. Orí tábìlì ni géèmù ń tẹ́ gbogbo nǹkan tó ń lò lọ́wọ́ sí: ibi tí ẹ dúró, ohun tó wà nínú àpò yín, ọ̀tá tó fara pamọ́ sẹ́yìn ilẹ̀kùn. PS5 àti Xbox Series X ní 16GB irú àyè bẹ́ẹ̀, PS4 ní 8GB. Ó yá bí àṣá, àmọ́ iná ló gbé e ró. Bí iná bá ti já, orí tábìlì á mọ́ fo. Inú àpótí ni SSD tàbí hard disk; ohun tó bá wọ ibẹ̀ kì í bá iná lọ. Séèfù tí gbogbo wa ń pè kò ju pé kí ẹ̀rọ ṣa ohun tó ṣe pàtàkì lórí tábìlì, kó kọ ọ́ sínú àpótí. Àmì róbótó tó ń yí yẹn, ẹ̀rọ ló fi ń sọ pé òun ń kọ lọ́wọ́. Ẹ fojú inú wo ẹni tó ń kọ lẹ́tà, tí ẹnì kan wá já gègé gbà lọ́wọ́ rẹ̀ láàárín ọ̀rọ̀. Èyí tó wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀ ti pa rẹ́, tuntun ò sì tíì pé. Ohun tí mo fi ọwọ́ ara mi ṣe lálẹ́ ọjọ́ náà nìyẹn.

Bọ́tìnì àárín páàdì ńkọ́? Kì í pa nǹkan kan dé. Ńṣe ló kàn ń gbé yín dìde nídìí tábìlì. Gbogbo nǹkan ṣì wà lórí rẹ̀ bí ẹ ṣe fi í sílẹ̀, ó ń dúró dè yín.

Bí mo ṣe wá ń ṣe é báyìí lórí PS5 mi, kì í ṣe láti ojúde ni mo ti ń bẹ̀rẹ̀, inú géèmù gan-an ni. Mo máa wá ibi tí ara ti rọ̀, tí kò sí ìjà, nítorí ọ̀pọ̀ géèmù kì í gbà kí èèyàn séèfù nígbà tí ìjà bá ń lọ lọ́wọ́. Mo tẹ Options, mẹ́nù géèmù yọ, mo wá ibi tí wọ́n kọ Save sí. Bí àyè fáìlì bá ju ẹyọ kan lọ, méjì ni mo máa ń lò: tòní lórí èkíní, tọ̀la lórí èkejì, ọ̀tunla mo padà sí èkíní. Bí ọ̀kan bá bàjẹ́, eré ọjọ́ kan péré ló máa bá a lọ. Ká ní mo ti ń ṣe bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀ ni, wákàtí 40 yẹn ì bá dín kù sí méjì.

Àwọn géèmù kan wà tí kò ní ibi séèfù rárá. Àwọn fúnra wọn ló ń ṣe é nígbà tí ẹ bá dé ibì kan tàbí tí ẹ parí iṣẹ́ kan. Irú èyí ló ń tan èèyàn jẹ jù, nítorí ọkàn yín á balẹ̀ pé ó ń bá yín ṣe é, bẹ́ẹ̀ ó lè ti tó ogún ìṣẹ́jú tó ti kọ nǹkan sínú àpótí kẹ́yìn. Àwọn kan nínú wọn máa ń sọ ọ́ fún yín nígbà tí ẹ bá fẹ́ jáde, pé ìṣẹ́jú báyìí ló ti kọjá lẹ́yìn séèfù tó kẹ́yìn. Tẹ́lẹ̀, mo kàn máa ń tẹ bẹ́ẹ̀ ni láì ka ohun tó kọ. Ní báyìí, mo ń ka ìlà yẹn. Bí ìṣẹ́jú náà bá ti pọ̀ jù, mo padà sínú eré, mo rìn dé ibi tí àmì róbótó á ti yọ, mo sì dúró kó yí tán. Lẹ́yìn tó bá pòórá, mo máa ń ka ení, èjì, ẹ̀ta, títí dé ẹ̀wá kí n tó fọwọ́ kan nǹkan mìíràn. Kò sẹ́ni tó ní kí n máa kà á. Ọkàn mi ló ń balẹ̀ bẹ́ẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni mo máa ń jáde sí ojú ìbẹ̀rẹ̀ géèmù, níbi tí orúkọ rẹ̀ gàdàgbà máa ń wà. Mo rí i pé ọ̀pọ̀ géèmù máa ń kọ nǹkan sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan sí i bí ẹ bá ń kúrò nínú eré lọ síbẹ̀. Bí ẹ bá sì ti dé ojú ìbẹ̀rẹ̀, kò sí ohun tó kù lórí tábìlì tí ẹ lè pàdánù.

Ìgbà yìí ló wá kan bọ́tìnì PS, ìyẹn bọ́tìnì àárín páàdì. Bí mo bá tẹ̀ ẹ́ fẹ́rẹ́ lẹ́ẹ̀kan, àwọn àmì kéékèèké á tò sí ìsàlẹ̀ ojú tẹlifíṣọ̀n. Bí mo bá tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ díẹ̀, ó máa gbé mi lọ sí ojúde. Ojúde ni mo fẹ́. Mo dé orí àwòrán géèmù náà, mi ò tẹ X, nítorí X máa dá mi padà sínú rẹ̀ ni. Options ni mo tẹ̀, bọ́tìnì kékeré tó wà lápá ọ̀tún ibi pẹrẹsẹ tí a máa ń fi ìka rà lójú páàdì. Àkọlé mélòó kan yọ, Close Game wà lára wọn. Mo yàn án. Tábìlì mọ́.

Ó wá ku ẹ̀rọ fúnra rẹ̀. Mo tẹ bọ́tìnì PS lẹ́ẹ̀kan, mo rìn dé àmì Power, ohun mẹ́ta yọ: kó sùn, kó kú, tàbí kó kú kó sì tún jí. Mo yan Turn Off PS5. Mi ò tíì dìde o. Mo ń wo iná kékeré ara ẹ̀rọ náà títí tó fi kú pátápátá. Bí iná náà bá dúró ní àwọ̀ ọsàn, ẹ̀rọ ò kú, ó ń sùn ni. Rest Mode nìyẹn. Géèmù tí ẹ ò pa dé ṣì wà lórí tábìlì nínú oorun yẹn, iná ṣì ni ó ń gbé e ró. Ẹni tó bá fa wáyà yọ nígbà náà ti da tábìlì nù, ó sì tún lè ba ohun tí ẹ̀rọ ń kọ sínú àpótí lọ́wọ́ jẹ́, nítorí ẹ̀rọ máa ń ṣiṣẹ́ lójú oorun: ó ń gba àtúnṣe tuntun wọlé, ó ń fi fáìlì ránṣẹ́ sókè.

Mi ò bá Rest Mode jà. Èmi náà ń lò ó bí mo bá fẹ́ kí páàdì gba iná, tàbí bí géèmù ńlá kan bá ń wọlé látorí íntánẹ́ẹ̀tì. Àmọ́ mo máa ń pa géèmù dé kí n tó ní kó sùn. Ìdí mìíràn tún wà fún un: àtúnṣe géèmù kì í lè wọlé pátápátá nígbà tí géèmù ọ̀hún bá ṣì ṣí. Mo ti jí láàárọ̀ rí tí mo bá àtúnṣe tó dúró síbẹ̀, tó ń retí kí n pa géèmù dé.

Lórí PS4, ọ̀nà kan náà ni. Bọ́tìnì PS lẹ́ẹ̀kan ló ń gbé yín dé ojúde níbẹ̀, ohun tí wọ́n sì kọ ni Close Application.

Xbox Series S ni àbúrò mi ń lò, a sì jọ ṣe tirẹ̀. Ẹ tẹ bọ́tìnì Xbox, pátákó kan á yọ lápá òsì, ẹ dé orí géèmù, ẹ tẹ bọ́tìnì onílà mẹ́ta, ẹ yan Quit. Kò gbà ju ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ lọ. Ibi tí ọ̀rọ̀ ti di àríyànjiyàn láàárín wa ni Quick Resume, tó dé pẹ̀lú Series X àti Series S lọ́dún 2020. Àbúrò mi ní, "Ẹ̀gbọ́n, tèmi ò nílò kí n pa á dé. Mo fa wáyà yọ, mo dá a padà, ibi tí mo dúró sí ni mo bá." Òótọ́ ló sọ, mo sì rí i fúnra mi. Ńṣe ni ẹ̀rọ yẹn ń gbé gbogbo ohun tó wà lórí tábìlì wọ inú SSD, géèmù mélòó kan lẹ́ẹ̀kan náà, ìdí nìyẹn tí àìsí iná ò fi nù ún. Ó dára púpọ̀. Ṣùgbọ́n kì í ṣe séèfù. Bí géèmù náà bá gba àtúnṣe tuntun, ó lè ṣí láti ìbẹ̀rẹ̀, ohun tí ẹ ò séèfù á sì bá a lọ. Bó bá sì jẹ́ eré tí ẹ̀ ń bá àwọn ẹlòmíràn ta lórí íntánẹ́ẹ̀tì, okùn tó so yín pọ̀ ti já nígbà tí ẹ jáde. Bí ẹ bá padà dé, ó lè lé yín síta tàbí kó dúró gbagidi. Ohun tó ń yanjú èyí ni Quit, kí ẹ sì tún un ṣí. Lẹ́yìn ìgbà méjì tí irú rẹ̀ ṣẹlẹ̀ sí i, àbúrò mi gbà pẹ̀lú mi lórí ti orí íntánẹ́ẹ̀tì. Lórí ìyókù, a ò tíì fẹnu kò.

Ti Nintendo Switch ló rọrùn jù. Ẹ tẹ HOME, ẹ dé orí géèmù, ẹ tẹ X, ó máa bi yín léèrè bóyá ẹ fẹ́ pa á dé lóòótọ́, ẹ dáhùn. Géèmù kan ṣoṣo ló ń gbà lẹ́ẹ̀kan. Bí ẹ bá fẹ́ ṣí òmíràn, ó máa ní kí ẹ pa tàkọ́kọ́ dé ná. Fífọwọ́ ba bọ́tìnì iná rẹ̀ lásán kì í pa á, oorun ló ń sùn. Ẹ tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ fún ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta kí ibi tí ẹ ti lè pa á tó yọ.

Bí géèmù bá gan ńkọ́, tí páàdì ò gbọ́ mọ́? Ẹ kọ́kọ́ gbìyànjú bọ́tìnì àárín, nítorí ojúde sábà máa ń jẹ́ ìpè bí géèmù ò tiẹ̀ jẹ́, ẹ sì lè pa á dé láti ibẹ̀. Bí ojúde náà bá kọ̀, bọ́tìnì ara ẹ̀rọ ló kàn: lórí Xbox, ẹ tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ fún bí ìṣẹ́jú àáyá 10, lórí Switch, 12, lórí PS5, títí ẹ ó fi gbọ́ tó ké lẹ́ẹ̀kejì. Ohun tó kẹ́yìn pátápátá ni ògiri.

Ìṣòro yìí ti pẹ́ láyé ju bí mo ṣe rò lọ. Nígbà tí géèmù The Legend of Zelda dé Amẹ́ríkà fún NES, ẹ̀rọ géèmù Nintendo àtijọ́, lọ́dún 1987, bátìrì kékeré kan wà nínú katiríìjì rẹ̀, ìyẹn páálí géèmù tí wọ́n ń kì bọ ẹ̀rọ, tó ń tọ́jú ibi tí èèyàn bá dé. Ìlànà wọn ni pé kí èèyàn tẹ RESET mọ́lẹ̀, kó má jẹ́ kó gbéra, kó tó pa iná, nítorí bí iná bá ń kú lọ, ẹ̀rọ lè kọ ìkọkúkọ lé ohun tí bátìrì ń tọ́jú. Nígbà tí mo kà á, mo tún rántí àmì róbótó tí mo fojú fò lálẹ́ ọjọ́ náà.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá ni mo tún dé ibi tó há mi mọ́ fún ọjọ́ mẹ́ta yẹn. Ọjọ́ kan ni mo fi kọjá rẹ̀ lọ́tẹ̀ yìí. Mo séèfù sórí fáìlì kejì, mo kà dé ẹ̀wá, mo jáde sí ojú ìbẹ̀rẹ̀, mo yan Close Game, mo pa ẹ̀rọ. Iná funfun ara rẹ̀ ṣì wà fún ìgbà díẹ̀. Mo dúró tì í. Ó kú, mo sì na ọwọ́ sí ògiri.